Fausto Cabrera: òṣèré Kòlómbìà tí kò ní ẹrù mìíràn ju ohùn rẹ̀ lọ

AkínMadrid kọ:

Ẹ kú ìrọ̀lẹ́, gbogbo ilé. Mo mọ̀ pé bí a bá ti dárúkọ Kòlómbìà níbí, Betty onígíláàsì, ọmọbìnrin inú telenovela wọn, ìyẹn eré alátẹ̀lé orí tẹlifíṣàn, ló máa ń kọ́kọ́ wá sí wa lẹ́nu. Òṣèré tí mo gbé wá lónìí ti ń ṣe eré ní ìlú yẹn kí telenovela tó débẹ̀ rárá.

Lọ́jọ́ Àbámẹ́ta tó kọjá, ilé ìkàwé àdúgbò wa fi fíìmù àtijọ́ kan hàn lọ́fẹ̀ẹ́: La estrategia del caracol, èyí tí a lè pè ní Ọgbọ́n Ìgbín. 1993 ló jáde, Sergio Cabrera ló sì darí rẹ̀. Àwọn tálákà kan ń gbé ilé àtijọ́ kan ní àárín Bogotá. Olówó tó ni ilé fẹ́ lé wọn jáde, ilé ẹjọ́ sì wà lẹ́yìn rẹ̀. Lọ́yà wọn ń fi ìwé fa ẹjọ́ náà gùn. Bàbá arúgbó kan láàárín wọn, ará Spéìn tó ń jẹ́ Jacinto, wá ní bí a kò bá lè gba ilé yìí, ẹ jẹ́ ká gbé e lọ. Ní kọ̀rọ̀, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í tú ilé náà láti inú. Ilẹ̀kùn, fèrèsé, ògiri, gbogbo rẹ̀ ni wọ́n fi okùn fà jáde, tí wọ́n kó lọ sí orí òkè kan lẹ́yìn ìlú, títí ó fi ku ojú ilé nìkan.

Ohùn bàbá yẹn ló mú mi. Kò pariwo, ṣùgbọ́n gbogbo ènìyàn nínú fíìmù náà ń dákẹ́ fún un, àwa tá a jókòó náà sì dákẹ́. Nígbà tí fíìmù parí, mo dúró wo orúkọ rẹ̀: Fausto Cabrera. Bàbá tó bí olùdarí náà gan-an ni.

Láti ọjọ́ náà ni mo ti ń ka nípa rẹ̀. Las Palmas, ní erékùṣù Canarias, ni wọ́n ti bí i ní 1924. Ọmọ ọdún 12 ni nígbà tí ogun abẹ́lé Spéìn bẹ́ sílẹ̀. Arákùnrin ìyá rẹ̀, Felipe Díaz Sandino, jẹ́ ọ̀gá ọmọ ogun òfuurufú ní Barcelona, ẹ̀yìn ìjọba olómìnira ló sì dúró sí. Nígbà tí Ọ̀gágun Franco tó ń bá ìjọba náà jà borí, irú ìdílé bẹ́ẹ̀ kò ní ibi tí wọ́n á fi orí pamọ́ sí mọ́. Wọ́n gba Dominican Republic, wọ́n gba Venezuela, ní nǹkan bí 1945 Fausto wọ Kòlómbìà.

Kò lówó, kò sì kọ́ iṣẹ́ ọwọ́ kan. Ewì ló mọ̀. Ó ń dúró níwájú èrò, ó ń ké ewì àwọn akéwì Spéìn: ti Lorca, ti Machado, ti Miguel Hernández. Ẹ wo àwọn tó yàn: wọ́n yìnbọn pa Lorca ní 1936, Machado kú ní ilẹ̀ Faransé ní 1939, kò tíì pé oṣù kan tó sá kọjá ààlà, Hernández kú sẹ́wọ̀n ní 1942. Ewì àwọn tí ogun kan náà gbé lọ ló fi ń wá oúnjẹ òòjọ́.

Ṣé ẹnikẹ́ni níbí ti gbọ́ orúkọ rẹ̀ rí?

ÌyáTòmíwá kọ:

Ẹ kú iṣẹ́, Bọ̀dá Akín. Èmi ò gbọ́ ọ rí. Ṣùgbọ́n ẹ pè é ní òṣèré Kòlómbìà, ẹ sì tún ní Spéìn ni wọ́n ti bí i. Èwo ni ká mú? Ẹ̀ẹ̀kejì, ta ló ń sanwó fún ewì? Mo bèèrè nítorí pé mo ní ọmọ kan nílé tó ní òun kò fẹ́ ṣe nǹkan mìíràn.

Àjàní_Rédíò kọ:

Ìyá Tòmíwá, ẹ jẹ́ kí n bẹ̀rẹ̀ láti ẹ̀yìn. Àwọn tó ń sọ èdè Spanish ní orúkọ fún irú ẹni bẹ́ẹ̀, declamador. Lọ́dọ̀ tiwa, akéwì ni. Ewì orí ìwé tí ẹlòmíràn kọ ló ń ké, ṣùgbọ́n ó ti há a sórí, ó sì ń fi gbogbo ara gbé e jáde. Kí tẹlifíṣàn tó dé, ìran ni: àwọn ènìyàn ń ra tíkẹ́ẹ̀tì wọ gbọ̀ngàn láti lọ gbọ́ ọ, rédíò náà sì ń gbé irú wọn sáfẹ́fẹ́. Owó náà kì í pọ̀, ẹ má jẹ́ kí n tàn yín. Ṣùgbọ́n ẹ má fi ìyẹn lé ọmọ yín kúrò nídìí ohun tó ń ṣe.

Ní ti ìlú rẹ̀: Kòlómbìà ló ti fẹ́yàwó. Medellín ni wọ́n ti bí Sergio ọmọ rẹ̀ ní 1950. Bogotá ló kú sí ní 2016, ẹni ọdún 92. Iṣẹ́ tó ṣe, àwọn ará Kòlómbìà ló ṣe é fún. Bí ìyẹn kò bá sọ ọ́ di ọmọ ìlú, mi ò mọ ohun tó kù.

AkínMadrid kọ:

Ẹ ṣé gan-an, Bàbá Àjàní. Ẹ jẹ́ kí n tẹ̀ síwájú, torí ibi tó dùn là ń bọ̀ yìí.

13 oṣù kẹfà ọdún 1954 ni tẹlifíṣàn bẹ̀rẹ̀ ní Kòlómbìà. Ọ̀gágun Gustavo Rojas Pinilla ló gbé e kalẹ̀, ọjọ́ náà ló sì pé ọdún kan géérégé tó fi ìbọn gba ìjọba. Ó fẹ́ kí gbogbo ìlú rí ojú òun. Jámánì ni wọ́n ti ra ẹ̀rọ, wọ́n sì kó àwọn tó mọ̀ ọ́n lò wá láti Kúbà. Lálẹ́ àkọ́kọ́ pàápàá, wọ́n ṣe eré: El niño del pantano, tí Bernardo Romero Lozano kọ. Teleteatro ni wọ́n ń pe irú rẹ̀. Eré orí ìtàgé ni, tí a ṣe níwájú kámẹ́rà láìdáwọ́dúró, tó ń lọ tààrà sí ilé àwọn ènìyàn. Kò sí téèpù tí wọ́n ń gbà á sí. Bí òṣèré bá gbàgbé ọ̀rọ̀, gbogbo ìlú ló gbọ́ ọ.

Inú eré wọ̀nyí ni Fausto wọ̀. Ó ṣe òṣèré, ó sì di olùdarí. Nígbà tí Sergio ṣì kéré, bàbá rẹ̀ ń fi í sínú eré náà.

Àjàní_Rédíò kọ:

Ọ̀rọ̀ yìí kàn mí.

Ọdún mọ́kànlá ni mo fi ṣe eré lórí rédíò. Tẹ́ ẹ bá wọ yàrá wa nígbà náà, ẹ ó rí ènìyàn mẹ́fà tó yí gbohùngbohùn kan ká, ìwé eré lọ́wọ́ oníkálukú. A kì í há a sórí. Ohun tí a mọ̀ ni bí a ṣe ń ṣí ìwé kó má dún. Mo lè sunkún pẹ̀lú ohùn mi kí ojú mi máa wá ojú ìwé tó kàn. Nígbà tí wọ́n wá pe díẹ̀ nínú wa sí tẹlifíṣàn, mo dé iwájú kámẹ́rà, mi ò mọ ibi tí mo máa fi ọwọ́ mi sí. Ohùn mi ń sunkún, ojú mi gbẹ. Olùdarí kò bínú, ó kàn ní, "Bàbá, mo ń gbọ́ yín, àmọ́ mi ò rí yín." Mi ò lè gbàgbé rẹ̀ láéláé.

Nítorí náà mo mọ ohun tí àwọn ará Bogotá wọnnì bá pàdé ní 1954. Ọ̀pọ̀ nínú wọn, rédíò ni wọ́n ti wá. Bí wọ́n ṣe ń ké ọ̀rọ̀ lórí rédíò ni wọ́n ṣe ń ké e níwájú kámẹ́rà. Akéwì bíi Fausto, tiẹ̀ á tún le jù, torí ohùn ni gbogbo agbára rẹ̀. Akín, ta ló kọ́ wọn?

AkínMadrid kọ:

Bàbá, bí ẹni pé ẹ mọ ibi tí mo ń lọ.

Ìjọba Rojas Pinilla náà rí i pé àwọn òṣèré kò tíì mọ iṣẹ́ kámẹ́rà. Ní 1955 wọ́n ránṣẹ́ sí Mẹ́síkò, wọ́n pe olùkọ́ kan wá. Seki Sano lorúkọ rẹ̀. Ọmọ Japáànì ni, Ṣáínà ni wọ́n ti bí i ní 1905. Ó ti ṣiṣẹ́ lọ́dọ̀ Meyerhold, olùdarí tíátà ní Moscow, ó mọ ọ̀nà tí Stanislavski, olùdarí ará Rọ́ṣíà, fi ń kọ́ òṣèré dáadáa, Mẹ́síkò ló sì wá fìdí kalẹ̀ sí láti 1939. Bí Fausto, ìjọba ti lé òun náà kúrò ní ìlú ju ẹyọ kan lọ.

Ó dé Bogotá, ó bẹ̀rẹ̀ kíláàsì. Fausto Cabrera wà níbẹ̀. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó kọ́ iṣẹ́ yíya àwòrán ilé náà wà níbẹ̀, Santiago García. Sano kò fẹ́ gbọ́ ohùn dídùn. Ó ń bi wọ́n pé: ta ni ẹ̀yin nínú eré yìí, kí lẹ ń wá wọ inú yàrá yìí, kí ni ẹni tó wà níwájú yín ń fi pamọ́ fún yín?

Kò pé ọdún kan, ìjọba tó fi owó pè é wá náà ló lé e jáde. Wọ́n ní kọ́múníìstì ni.

Ṣeun_OríÌtàgé kọ:

Ẹ kú alẹ́, ẹ̀yin àgbà. Ìdí eré orí ìtàgé lèmi náà wà, mo sì ti ka ọ̀rọ̀ Bàbá Àjàní lẹ́ẹ̀mejì.

Ohun tó ń ṣe mí ní kàyéfì ni pé oṣù díẹ̀ péré ni ọkùnrin yẹn lò. Ṣùgbọ́n ẹ wo ohun tó hù jáde. Ní ìparí àwọn ọdún 1950, Fausto àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ dá tíátà El Búho sílẹ̀ ní Bogotá. Òwìwí lìtumọ̀ orúkọ náà. Tíátà kékeré ni, eré ìgbàlódé ni wọ́n ń ṣe, ti Brecht, òǹkọ̀wé eré ará Jámánì, àti irú àwọn bẹ́ẹ̀ tí àwọn tíátà ńlá kò fẹ́ fọwọ́ kàn. Santiago García wà níbẹ̀. Ní 1965 García gbé eré Brecht lórí Galileo jáde ní yunifásítì ìjọba tó wà ní Bogotá, ó dá awuyewuye sílẹ̀. Ní 1966 òun àti àwọn kan dá ilé eré sílẹ̀, òun ló di Teatro La Candelaria. Ní 1975 wọ́n ṣe Guadalupe años sin cuenta. Kò sí ẹnì kan tó dá jókòó kọ ọ́: gbogbo ẹgbẹ́ ló jọ wádìí ọ̀rọ̀, tí wọ́n jọ dán an wò ní rìháàsà, tí wọ́n jọ kọ ọ́. Creación colectiva ni wọ́n ń pè é. La Candelaria ṣì wà títí dòní. García kú ní oṣù kẹta 2020.

Torí náà, tí ẹnikẹ́ni bá bi mí pé kí ni Fausto Cabrera ṣe fún tíátà Kòlómbìà, mi ò ní tọ́ka sí eré kan ṣoṣo. Màá ní ó wà nínú yàrá tí iṣẹ́ náà ti yí padà, ó sì wà lára àwọn tó kọ́kọ́ wá ibi tí wọ́n á ti máa ṣe é.

Ọlátúndé_B kọ:

Gbogbo èyí dára, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká sọ òótọ́ ọ̀rọ̀. Rojas Pinilla gba ìjọba pẹ̀lú ìbọn, ó ti ìwé ìròyìn El Tiempo pa ní 1955. Ọdún kan náà tó ń ti ẹnu àwọn oníròyìn ni Fausto ń ṣe eré lórí tẹlifíṣàn rẹ̀. Ọkùnrin tó sá fún Franco! Ṣé kò mọ ẹni tó ń sanwó fún òun ni?

AkínMadrid kọ:

Ọlátúndé, ìbéèrè gidi ni, mi ò fẹ́ sá fún un.

Mo rò pé ó mọ̀. Ṣùgbọ́n ibo ni yóò lọ? Tẹlifíṣàn kan ṣoṣo ló wà ní ìlú náà, ti ìjọba sì ni. Tí òṣèré bá ní òun kò wọ̀ ọ́, kámẹ́rà á máa yí lọ pẹ̀lú ẹlòmíràn. Àwọn ènìyàn wọ̀nyí lo àyè náà láti gbé eré gidi dé yàrá àwọn tí kò lè ra tíkẹ́ẹ̀tì tíátà láéláé. Èmi kò lè dá wọn lẹ́bi fún ìyẹn.

Rojas fúnra rẹ̀ kò pẹ́: ní oṣù karùn-ún 1957, ará ìlú dìde, ó sá lọ. Ìjọba àwọn olóṣèlú padà dé. Ẹ máa rò pé nǹkan á rọrùn fún teleteatro. Rárá o. Àwọn ilé iṣẹ́ tó ń ta ọjà bẹ̀rẹ̀ sí í ra àkókò lórí tẹlifíṣàn. Telenovela àkọ́kọ́ dé ní 1959, El 0597 está ocupado. Eré ọlọ́sẹ̀ọ̀sẹ̀ tó nílò rìháàsà kò lè bá a du àyè. Ológun ṣí ilẹ̀kùn fún wọn nítorí òkìkí. Àwọn ọlọ́jà bẹ̀rẹ̀ sí í pa á dé nítorí owó. Ìyẹn dùn mí ju ti ológun lọ.

Ní 1963 Fausto fi gbogbo rẹ̀ sílẹ̀. Wọ́n fún un ní iṣẹ́ olùkọ́ èdè Spanish ní Beijing, ó kó ìyàwó rẹ̀ àti ọmọ méjèèjì, Sergio àti Marianella, ó lọ.

ÌyáTòmíwá kọ:

Ṣáínà? Lójijì báyìí? Ẹ jọ̀ọ́ ẹ má dúró níbẹ̀.

AkínMadrid kọ:

Ó ti gba ẹ̀kọ́ Mao, olórí kọ́múníìstì Ṣáínà, gbọ́. Wọ́n ń gbé ní Hotel de la Amistad, ilé ìtura ńlá tí ìjọba Ṣáínà fi àwọn àlejò òyìnbó sí. Bàbá ń kọ́ àwọn ọmọ Ṣáínà ní èdè Spanish, àwọn ọmọ rẹ̀ ń lọ ilé-ìwé láàárín àwọn ọmọ Ṣáínà, wọ́n ń sọ èdè ibẹ̀.

Láàárín àwọn ọdún 1960 náà, òun àti ìyàwó rẹ̀ padà sí Kòlómbìà láti lọ ṣiṣẹ́ fún ìyípadà tí wọ́n ń retí. Wọ́n fi àwọn ọmọ sílẹ̀ ní Beijing. Sergio àti àbúrò rẹ̀ kò tíì pé ogún ọdún rárá. Nígbà tí Mao dá rògbòdìyàn Cultural Revolution sílẹ̀ ní 1966, àwọn nìkan ni wọ́n wà níbẹ̀. Sergio wọ ẹgbẹ́ Red Guards, àwọn ọ̀dọ́ tó ń jà fún Mao.

ÌyáTòmíwá kọ:

Mo ka èyí, mo gbé fóònù sílẹ̀, mo lọ jókòó lọ́dọ̀ àwọn ọmọ mi díẹ̀ kí n tó padà wá kọ ọ̀rọ̀ yìí.

Ẹ ti ń yìn ín láti ìrọ̀lẹ́, èmi náà ti fẹ́ràn rẹ̀. Ṣùgbọ́n bí ìgbín bá fà, ìkarahun a tẹ̀ lé e. Ọkùnrin tí ẹ̀yin ń pe fíìmù rẹ̀ ní Ọgbọ́n Ìgbín yìí, òun ló fi ìkarahun rẹ̀ sílẹ̀ ní ìlú àjèjì. Ó mọ bó ṣe ń ṣe ọmọdé tí ogun lé kúrò nílé. Ó mọ̀ ọ́n ju gbogbo wa níbí lọ. Báwo ló ṣe wá fi àwọn ọmọ tirẹ̀ sínú irú ìyẹn?

Mo ti fi ọmọ sílẹ̀ lọ́dọ̀ ìyá mi rí fún ọdún méjì nígbà tí mo wá Lọ́ńdọ́nù. Ìyá tèmi ni, ilé wa ni, ó sì ń fà mí lọ́kàn ya lójoojúmọ́. Ẹ má sọ fún mi pé nítorí aráyé ni.

Ọlátúndé_B kọ:

Mà, ẹ pẹ̀lẹ́. Ó ṣì kù. Ní ìparí àwọn ọdún 1960 náà àwọn ọmọ padà sílé, àwọn méjèèjì wọ igbó lọ bá àwọn ajagun EPL. Ẹgbẹ́ tó ń tẹ̀lé Mao ni, 1967 ni wọ́n dá a sílẹ̀. Fausto náà wà nínú iṣẹ́ ẹgbẹ́ náà. Sergio jáde nígbà tó rí i pé ohun tí wọ́n sọ fún wọn kọ́ ni òun ń rí nínú igbó. Ó padà sí Ṣáínà, ó tibẹ̀ lọ kọ́ iṣẹ́ fíìmù ní Lọ́ńdọ́nù.

Èmi ni mo kọ́kọ́ bínú sí Fausto lórí ọ̀rọ̀ Rojas. Ní báyìí mo rò pé àṣìṣe mi ni pé mo ń wò ó bí ẹni tí kò ní ìgbàgbọ́. Ìgbàgbọ́ ló pọ̀ jù lọ́wọ́ rẹ̀.

Ṣeun_OríÌtàgé kọ:

Mo gbọ́ Ìyá Tòmíwá, mi ò ní jiyàn rárá. Lórí ọ̀rọ̀ iṣẹ́ nìkan ni mo fẹ́ sọ̀rọ̀.

Santiago García dúró. Ìgbàgbọ́ òṣèlú tirẹ̀ náà kò jìnnà sí ti Fausto. Ṣùgbọ́n ó dúró sí Bogotá, ó wọ ilé àtijọ́ kan pẹ̀lú àwọn òṣèré rẹ̀, ó ń ṣe rìháàsà lójoojúmọ́ fún ogójì ọdún àti jù bẹ́ẹ̀ lọ. Gbogbo ohun tó fẹ́ sọ fún ìlú, orí ìtàgé ló ti sọ ọ́. Fausto lọ nígbà tí òun gan-an ṣẹ̀ṣẹ̀ ń yé ara rẹ̀ bí olùdarí. Ẹni tó bá pàdánù ọdún mẹ́wàá láàárín ogójì sí àádọ́ta ọdún ayé rẹ̀, nínú iṣẹ́ tiwa yìí, kì í rí i gbà padà. Mo ń rò ó pé, ká ní ó dúró pẹ̀lú El Búho ńkọ́?

Ó ń dùn mí bí ìgbà tí mo rí òṣèré dáadáa tó kúrò lórí ìtàgé kí eré tó dé ibi tó kàn án.

Àjàní_Rédíò kọ:

Ọmọ mi, ó padà wọ ìtàgé. Ẹ jẹ́ ká lọ síbẹ̀.

Láti òwúrọ̀ ni mo ti wá fíìmù náà rí lórí ẹ̀rọ, mo sì ti wò ó tán pẹ̀lú àkọlé Gẹ̀ẹ́sì. Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí mo rí gẹ́gẹ́ bí ẹni tó ti dúró níwájú kámẹ́rà láìmọ ibi tí ọwọ́ rẹ̀ wà.

Bàbá Jacinto mọ ibi tí ọwọ́ rẹ̀ wà. Ó ń sọ̀rọ̀ bí ẹni tó ń fi ọ̀rọ̀ wọn nǹkan. Ohùn akéwì ṣì wà níbẹ̀, ẹ máa gbọ́ ọ nínú bó ṣe ń parí gbólóhùn, ṣùgbọ́n kò fi í ṣe ọ̀ṣọ́ mọ́. Ẹni ọdún 69 ni nígbà tí fíìmù jáde. Frank Ramírez ló ṣe lọ́yà tí wọ́n ń pè ní Perro Romero, òṣèré ńlá ni. Vicky Hernández wà níbẹ̀, Humberto Dorado, Gustavo Angarita, gbogbo wọn ló mọṣẹ́. Síbẹ̀ bí arúgbó yẹn bá ti wọlé, ojú mi kì í kúrò lára rẹ̀.

Ẹ tún wo iṣẹ́ tí wọ́n fi gbé ilé náà. Okùn ni, kẹ̀kẹ́ tí okùn ń gbà kọjá ni, pákó ni. Ẹnikẹ́ni tó bá ti wọ ẹ̀yìn ìtàgé rí ló mọ̀ ọ́n; bẹ́ẹ̀ náà la ṣe ń gbé àwòrán ẹ̀yìn sókè tí ìran bá fẹ́ yí padà. Níkẹyìn, ojú ilé tó kù wó lulẹ̀ níṣojú olówó àti àwọn agbófinró, wọ́n sì rí i pé lára ògiri ẹ̀yìn àwọn ayálégbé ti ya àwòrán ilé, wọ́n kọ èébú gidi kan sí i, pé ilé yín nìyẹn tí a yà fún yín. Ọgbọ́n tíátà ni wọ́n fi ja ìjà náà láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin.

Ṣeun, eré teleteatro tó ṣe ní 1955, ní 1958, kò sí téèpù. Wọ́n ti fò lọ. Ohun tí èmi àti ẹ̀yin lè fojú rí lónìí láti mọ irú òṣèré tó jẹ́ ni fíìmù yìí. Gbogbo ọdún tí ẹ ní ó pàdánù, Spéìn, Beijing, igbó, wọ́n wà lójú rẹ̀ níbẹ̀. Mi ò rò pé ẹni tó dúró sí Bogotá lè ṣe Jacinto bẹ́ẹ̀.

AkínMadrid kọ:

Ẹ ṣeun, Bàbá. Ẹ jẹ́ kí n fi èyí kún un: owó fíìmù náà tán láàárín iṣẹ́, wọ́n dá a dúró, ó gbé ọdún mélòó kan kí wọ́n tó rí i parí. Nígbà tó jáde, ó gba ẹ̀bùn tó ga jù ní àjọ̀dún fíìmù Valladolid, ní Spéìn níbí, ní 1993. Ìlú tó lé Fausto jáde ní ọmọdé ló fún eré rẹ̀ ní wúrà.

Ó kọ ìwé nípa ayé ara rẹ̀ náà. Àkòrí rẹ̀, bí a bá túmọ̀ rẹ̀, ni "Ayé kan, ìgbèkùn mẹ́rin".

ÌyáTòmíwá kọ:

Mo ti wo fíìmù náà. Òótọ́ ni Bàbá Àjàní sọ nípa ọwọ́.

Ṣùgbọ́n ọmọ ni mo ń wò, mi ò lè yẹra fún un. Ní gbogbo ìgbà tí bàbá yẹn bá ń sọ̀rọ̀, mo ń rántí pé ọmọ tó fi sílẹ̀ ní Beijing ló dúró lẹ́yìn kámẹ́rà. Ọmọ yẹn lè wá òṣèré mìíràn. Ó mú bàbá rẹ̀, ó fi í ṣe ẹni tó sọ fún gbogbo ilé pé kí ẹnikẹ́ni má fi nǹkan rẹ̀ sílẹ̀ lẹ́yìn, ẹ kó gbogbo rẹ̀ dání. Ṣé ó dárí jì í ni, àbí ó ń sọ nǹkan fún un? Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti kàwé nípa wọn, kí ló ṣẹlẹ̀ láàárín àwọn méjèèjì títí dé òpin?

AkínMadrid kọ:

Mà, Juan Gabriel Vásquez, òǹkọ̀wé Kòlómbìà, ti kọ odidi ìwé lórí ìbéèrè yín. Volver la vista atrás ni, ó gba ẹ̀bùn Vargas Llosa ní 2021. Ọdún púpọ̀ ló fi bá Sergio àti Marianella sọ̀rọ̀ kí ó tó kọ ọ́. Inú ewì Machado kan ló ti mú àkòrí náà, "bíbojú wẹ̀yìn", ọ̀kan nínú àwọn akéwì tí Fausto ń ké káàkiri nígbà tó wà lọ́dọ̀ọ́.

Oṣù kẹwàá 2016 ni Fausto kú ní Bogotá. Sergio wà ní Barcelona lọ́jọ́ náà. Wọ́n ń fi àwọn fíìmù tí Sergio darí hàn níbẹ̀ lọ́sẹ̀ yẹn, ọmọ rẹ̀ ọkùnrin sì ti wá bá a. Ó lè wọ bàálù kó padà. Kò padà. Ó dúró ti ọmọ rẹ̀ àti àwọn fíìmù náà, wọ́n sin bàbá láìsí òun níbẹ̀.

Ọlátúndé_B kọ:

Àkọ́bí ọkùnrin? Kò lọ sin bàbá rẹ̀?

ÌyáTòmíwá kọ:

Ọlátúndé, jẹ́ ká fi sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. Nílé wa, ọ̀rọ̀ ńlá ni, mo mọ̀. Ṣùgbọ́n ẹ wo ibi tó wà. Barcelona kọ́ ni Bọ̀dá Akín ní arákùnrin ìyá Fausto ti jagun, níbi tí gbogbo ìsá yìí ti bẹ̀rẹ̀? Ọmọ náà jókòó sínú òkùnkùn ní ìlú yẹn, ọmọ tirẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, ojú bàbá rẹ̀ lórí ògiri, ohùn rẹ̀ ń dún.

Bọ̀dá Akín, ibo ni Sergio wà báyìí?

AkínMadrid kọ:

Ní 2022, mà, ìjọba Kòlómbìà yàn án gẹ́gẹ́ bí aṣojú wọn ní Ṣáínà. Ó padà sí Beijing.